Kúdírá Ọmọ Mi, Lórí Ilé Ológójì Ọdún Yẹn

Peckham,
láàárọ̀ Ọjọ́bọ̀.

Kúdírá Àṣàkẹ́ mi,

Mo kí ọ, mo sì kí Táófíkì ọkọ rẹ. Ṣé ara yín le? Ṣé iṣẹ́ ń lọ dáadáa? Àlàáfíà la wà níbí, àfi orúnkún bàbá rẹ tó máa ń dùn wọ́n tí òtútù bá ti mú. A dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run.

Má jẹ́ kí ẹ̀rù bà ọ́ pé o rí lẹ́tà. Kò sẹ́ni tó kú, kò sẹ́ni tó ń ṣàìsàn. Mo mọ̀ pé fóònù wà, ṣùgbọ́n tí mo bá sọ ọ̀rọ̀ yìí lórí fóònù, wàá já lu ọ̀rọ̀ mi, èmi náà á sì gbàgbé ibi tí mo bá a dé. Tí mo bá sọ ọ́ níwájú Táófíkì, ó lè rò pé mo fẹ́ kọ́ òun bí wọ́n ṣe ń gbọ́ bùkátà ìdílé. Ìdí nìyẹn tí mo fi jókòó sídìí tábìlì ilé ìdáná láti ìgbà tí bàbá rẹ ti jáde lọ ra búrẹ́dì, tí mo ń kọ ọ́. Yorùbá ni mo fi kọ ọ́, nítorí inú rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti ń yọ̀ lẹ́nu mi jù. Rọra máa kà á. Ibi tí kò bá yé ọ, pè mí, n ó kà á sí ọ létí.

Nígbà tí ẹ wá ní Sọ́ńdè tó kọjá, inú yín dùn débi pé ẹ ò tíì bọ́ kóòtù tí o ti na fóònù sí mi. "Mummy, ẹ wo kitchen yẹn! Ẹ wo window!" Mo wò ó. Fúláàtì oníyàrá méjì ni, lókè pátápátá, ẹsẹ̀ lèèyàn máa fi rìn láti ibẹ̀ dé ibùdókọ̀ ojú irin ní Peckham Rye. Ó dára lóòótọ́. Táófíkì wá ń ṣàlàyé fún bàbá rẹ pé alágbàtà tó ń bá yín wá owó báǹkì ti ní kí ẹ fi ogójì ọdún san án, kí owó oṣooṣù má baà wúwo. Ìwọ sì rẹ́rìn-ín, o ní, "Daddy, it's even cheaper than our rent ní Deptford. Ẹ má worry."

Bàbá rẹ ní, "Ogójì ọdún?"

Táófíkì ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, sà. Ọ̀pọ̀ èèyàn ló ń ṣe é báyìí."

Bàbá rẹ gbé ife tíì wọn kalẹ̀, wọ́n ní àwọn fẹ́ lọ wo ewébẹ̀ àwọn lẹ́yìn ilé. Ìwọ náà mọ̀ pé kò sí ewébẹ̀ kankan níbẹ̀ nínú òtútù yìí. Nígbà tí èmi pẹ̀lú rẹ ń fọ abọ́, o bi mí kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé, "Mummy, is Daddy not happy for us?" Mo ní ó rẹ̀ wọ́n ni. Kò rẹ̀ wọ́n, Kúdírá. Inú wọn dùn sí yín gan-an. Ogójì ọdún tí wọ́n gbọ́ yẹn ló kàn wọ́n níbi tó ń dùn wọ́n, ìwọ ò sì lè mọ ibẹ̀, nítorí ọmọdé ni ọ́ nígbà tó ṣẹlẹ̀, a ò sì jẹ́ kó hàn sí ọ.

Kí a tó bí ọ, yàrá kan ni èmi àti bàbá rẹ ń gbé ní Deptford, lókè ṣọ́ọ̀bù ẹlẹ́ja kan. Àwa àti ìdílé méjì mìíràn la jọ ń lo ilé ìdáná kan ṣoṣo. Bàbá rẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í wa bọ́ọ̀sì ni, èmi ń se oúnjẹ ní ilé ẹ̀kọ́ kan ní New Cross. Onílé wa kì í fẹ́ gbọ́ ìró ẹsẹ̀. Tí èèyàn bá ti rìn kíkankíkan díẹ̀, ó ti fi igi ìgbálẹ̀ gún àjà nísàlẹ̀. Lọ́jọ́ tí mo sọ fún bàbá rẹ pé mo ti lóyún rẹ, wọ́n ní "Àlùhámúdùlílà," wọ́n wá ní, "Ọmọ mi ò ní kọ́ ìrìn nínú ilé tí wọ́n á ti máa ní kó má fẹsẹ̀ kilẹ̀."

Bí a ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í wá ilé nìyẹn. A rí ọ̀kan ní àdúgbò ẹ̀yìn Rye Lane, èyí tí o mọ̀ yìí. Nígbà náà, tí o bá sọ fún èèyàn pé Peckham lo fẹ́ kó lọ, àánú rẹ ló máa ṣe é. Òrùlé ń jò, wáyà iná ti gbó, àwọn tó gbé ibẹ̀ ṣáájú wa sì kun gbogbo ògiri ní àwọ̀ búráùn. Ṣùgbọ́n ó ní ilẹ̀kùn tí yóò jẹ́ tiwa, èmi sì rí ibi tí n ó gbé ibùsùn rẹ sí kí a tó jáde níbẹ̀.

Alágbàtà tó bá wa wá owó báǹkì, òyìnbó kan tó níwà pẹ̀lẹ́ ni. Ó fún wa ní tíì, ó bi mí pé ṣé oyún ò dà mí láàmú. Ó ṣàlàyé pé iye tí a ó máa san lóṣù ò ní yí padà fún ọdún méjì àkọ́kọ́, pé lẹ́yìn ìyẹn a ó tún wò ó. Èmi ni mo béèrè ìbéèrè kan ṣoṣo tí a béèrè lọ́jọ́ yẹn. Mo ní, "Èló lóṣù?" Ó sọ iye. Bàbá rẹ wò mí, mo mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni, wọ́n fọwọ́ síwèé. Kò sẹ́ni tó bi í nínú àwa méjèèjì pé, "Tí a bá san án dé òpin, èló ni gbogbo rẹ̀ máa jẹ́?" Ọkùnrin yẹn ò parọ́ fún wa o. A ò bi í ni.

Ọdún méjì pé kí a tó ṣẹ́jú. O ti ń sáré kiri inú ilé nígbà náà, o ń fẹsẹ̀ kilẹ̀ bí bàbá rẹ ṣe fẹ́. Èlé tó kéré tí wọ́n fi pè wá wọlé parí, ti báǹkì gan-an wá bẹ̀rẹ̀, owó oṣooṣù sì fò sókè lẹ́ẹ̀kan náà. Owó iṣẹ́ wa ò fò. Bàbá rẹ bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọjọ́ ìsinmi wọn wa bọ́ọ̀sì. Èmi gba iṣẹ́ títún ọ́fíìsì ṣe ní ìdájí kí n tó lọ sí ilé ẹ̀kọ́. Òrùlé tí a ní a máa tún ṣe, a gbé bàsíà sábẹ́ rẹ̀.

Ṣé o rántí Uncle Músílíù tó wà ní yàrá iwájú lókè? Ṣé o rántí Aunty Fúnkẹ́ tó máa ń di irun rẹ? O máa ń sọ fún àwọn tíṣà rẹ pé ilé wa kún nítorí pé Daddy fẹ́ràn èèyàn. Mo máa ń rẹ́rìn-ín tí wọ́n bá sọ ọ́ fún mi. Àwọn ayálégbé ni wọ́n, ọmọ mi. Èèyàn dáadáa ni wọ́n, mi ò ní gbàgbé wọn láyé, ṣùgbọ́n owó tí wọ́n ń san la fi ń dí ihò tí èlé gbẹ́. Ìdí nìyẹn tí o fi ń sùn ní yàrá wa títí o fi tó ọmọ ilé ẹ̀kọ́ girama, tí o ń bínú pé gbogbo ọ̀rẹ́ rẹ ló ní yàrá tiwọn. Ilé oníyàrá mẹ́ta la rà. Yàrá kan la gbé.

Ó wá di pé bọ́ílà bàjẹ́ nínú òtútù, Uncle Músílíù sì pàdánù iṣẹ́ rẹ̀ lákòókò yẹn gan-an. A padà lọ bá alágbàtà wa. Ó fún wa ní tíì bó ti máa ń ṣe. Ó ní a lè gba owó díẹ̀ sí i lórí ilé, kí a sì na gbogbo gbèsè náà gùn padà sí ọdún márùndínlọ́gbọ̀n, bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ó ní owó oṣooṣù máa wálẹ̀. Ó wálẹ̀ lóòótọ́. Ara tù wá débi pé a ra ẹran ewúrẹ́ ní Rye Lane lọ́nà tí a gbà ń bọ̀, mo sì fi se ọbẹ̀. Àwa tí a ti san ọ̀pọ̀ ọdún, a gbé ara wa padà sí ìbẹ̀rẹ̀, a sì jẹun lé e lórí.

Ibi tí mo ń bọ̀ nìyí. Ìyá bàbá rẹ, Ìyá Ìsẹ́yìn, fọ́tò wọn nìkan lo mọ̀. Ó rẹ̀ wọ́n lọ́dún kan, àárẹ̀ náà ò lọ. Àbúrò bàbá rẹ gbé fóònù sí wọn lẹ́nu, ohùn wọn ti fẹ́lẹ́. Wọ́n ní, "Ráṣídì, ṣé mo ṣì máa rí ọ?"

Bàbá rẹ ní, "Ẹ máa rí mi, Màámi. Tí ìgbà ooru yìí bá ti parí, mo ń bọ̀."

"Ìgbà ooru tiyín, ìgbà wo nìyẹn?"

"Kò jìnnà mọ́, Màámi. Kò jìnnà."

Nígbà ooru ni àwọn awakọ̀ bọ́ọ̀sì máa ń lọ ìsinmi, ìgbà náà sì ni iṣẹ́ àfikún máa ń pọ̀ jù ní gárèèjì. Bàbá rẹ ti ṣírò rẹ̀. Tí wọ́n bá lọ, owó tíkẹ́ẹ̀tì máa lọ, owó iṣẹ́ àfikún náà máa lọ, owó ilé á sì wọlé bá wa ní ọwọ́ òfìfo. Èmi pàápàá rò pé ó bọ́gbọ́n mu kí wọ́n dúró díẹ̀. A rò pé díẹ̀ wà.

Òwúrọ̀ Jímọ̀ kan ni àbúrò wọn pè. O mọ bí ti àwa Mùsùlùmí ṣe rí, a kì í fi òkú pamọ́. Kí bàbá rẹ tó gba ìyọ̀ǹda kúrò níbi iṣẹ́, wọ́n ti sin Ìyá. Bàbá rẹ lọ kírun Jímọ̀ ní mọ́ṣáláṣí, àwọn èèyàn bá wọn kẹ́dùn, wọ́n ṣàdúà fún Ìyá, wọ́n sì padà sílé wá jókòó. Wọn ò sunkún. Lọ́jọ́ kejì, mo rí wọn tí wọ́n ń de táì gárèèjì wọn níwájú dígí.

Mo ní, "Ẹ sinmi lónìí, ẹ jọ̀ọ́."

Wọn ò pariwo mọ́ mi. Wọ́n kàn wo inú dígí, wọ́n ní, "Tí mo bá sinmi, ta ló máa san án?"

Owó tí ilé yìí ná wa, Kúdírá, apá kan rẹ̀ nìyẹn. Kò sí nínú ohunkóhun tí alágbàtà lè fi han èèyàn.

Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan ni bàbá rẹ pe báǹkì. Wọ́n jẹ́ kí èmi náà máa gbọ́. Obìnrin kan ló gbé e. Bàbá rẹ ní, "Mo ti ń san owó yín láti ọjọ́ yìí wá, mi ò jẹ yín ní oṣù kan rí. Mo kàn fẹ́ mọ ohun kan. Ibo lowó mi ń lọ?"

Obìnrin náà ṣe sùúrù fún wọn. Ó ní nígbà tí gbèsè bá ṣì pọ̀, èlé ló máa ń kọ́kọ́ gbé èyí tó pọ̀ jù nínú ohun tí èèyàn bá san, pé díẹ̀ ló ń kan ojú owó tí a yá gan-an. Ó ní bí ojú owó bá ṣe ń kéré sí i ni ìyẹn á máa yí padà, ṣùgbọ́n bí a ṣe na ọdún gùn yẹn ti gbé wa padà sẹ́yìn.

"Tí mo bá ń fi díẹ̀ kún un lóṣooṣù ńkọ́?"

"Gbogbo ohun tẹ́ ẹ bá fi kún un, ojú owó ló máa dín kù, sà. Ó máa tètè tán ju bẹ́ẹ̀ lọ."

"Kí ló dé tí ẹnikẹ́ni ò sọ fún mi?"

Obìnrin náà ní, "Ó wà nínú ìwé tẹ́ ẹ fọwọ́ sí, sà."

Láti oṣù yẹn, bàbá rẹ bẹ̀rẹ̀ sí í fi kún un. Nígbà mìíràn ó máa ń kéré débi pé ojú á máa tì mí. Nígbà tí Uncle Músílíù ríṣẹ́ padà, gbogbo owó yàrá rẹ̀ la ń kó lọ síbẹ̀. Nígbà tí Aunty Fúnkẹ́ kó lọ sílé ọkọ, o gba yàrá ẹ̀yìn, èyí tí o lẹ àwòrán mọ́ gbogbo ògiri rẹ̀. Bí a ṣe bọ́ nínú gbèsè nìyẹn, kí àkókò tí wọ́n dá fún wa tó pé. A bọ́, ṣùgbọ́n àwọn ọdún tí a fi bọ́ ti lọ.

Gbọ́ ohun tí mo fẹ́ kí ẹ ṣe báyìí. Mi ò sọ pé kí ẹ má rà á. Owó háyà náà ń lọ, kì í sì í padà wá, mo mọ̀.

Èkíní, ẹ béèrè iye gbogbo rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí alágbàtà yín kọ ọ́ síwájú yín: tí a bá san án fún ogójì ọdún, èló, tí a bá san án fún ọdún márùndínlọ́gbọ̀n, èló. Mo ní kí ọmọ Àlhájà tó ń gbé nísàlẹ̀ àdúgbò wa bá mi fi kọ̀ǹpútà ṣe é. Ká ní ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọ̀ọ́dúnrún pọ́n-ùn lẹ yá, tí èlé sì dúró sí márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Tó bá jẹ́ ogójì ọdún, iye tí ẹ máa san fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀rin. Ilé kan fún yín, ilé kan àti jù bẹ́ẹ̀ lọ fún báǹkì. Tó bá jẹ́ ọdún márùndínlọ́gbọ̀n, ó lé díẹ̀ ní ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta. Ní oṣù àkọ́kọ́ nínú ogójì ọdún yẹn, ẹ máa san nǹkan bí ẹgbẹ̀rún kan àti irinwó ó lé àádọ́ta pọ́n-ùn. Ẹgbẹ̀rún kan àti igba ó lé àádọ́ta nínú rẹ̀, èlé ni. Igba pọ́n-ùn péré ló máa kan gbèsè yín. Mo ní kí ọmọ náà tún un ṣe, nítorí mo rò pé ó ṣì í. Kò ṣì í.

Èlé tiyín lè má rí bẹ́ẹ̀, ó lè kéré, ó lè pọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n ẹ ṣe é pẹ̀lú iye tiyín, kí ẹ sì jókòó wò ó, ẹ̀yin méjèèjì, láìsí alágbàtà láàárín yín.

Èkejì, ẹ bi í pé nígbà tí èlé àkọ́kọ́ bá parí, tó bá wá lọ sókè, èló ni ẹ máa máa san. Kí ẹ tó fọwọ́ síwèé, ẹ máa ṣe bí ẹni pé ó ti lọ sókè. Ẹ yọ ìyàtọ̀ tó wà láàárín owó háyà yín àti iye yẹn sọ́tọ̀ fún oṣù mélòó kan, kí ẹ wò ó bóyá ẹ máa mí. Tó bá fún yín lọ́rùn nísinsìnyí tí ẹ ò tíì bímọ, Àṣàkẹ́, kí ni ẹ fẹ́ ṣe nígbà tí o bá wà nílé pẹ̀lú ọmọ lọ́wọ́, tí owó iṣẹ́ rẹ dín kù?

Ohun tí Táófíkì ò sọ rárá ní Sọ́ńdè ni ìnáwó tó wà nínú fúláàtì, torí kì í ṣe ilé tó dá dúró. Ilẹ̀ kì í ṣe tiyín; iye ọdún kan ni onílẹ̀ fi fúláàtì náà fún yín. Ọdún mélòó ló kù lórí ìwé ilé náà? Tí ọdún náà bá ti ń kéré, owó ńlá ni wọ́n fi ń ra kún un. Owó ìtọ́jú ilé tí ẹ ó máa san lọ́dọọdún, ta ló ń dá iye rẹ̀? Òkè pátápátá lẹ wà, tí òrùlé bá bàjẹ́ ńkọ́? Ọ̀rẹ́ mi kan tí a jọ ń se oúnjẹ ní New Cross ra irú fúláàtì bẹ́ẹ̀. Wọ́n tún òrùlé àti ògiri ìta ṣe, wọ́n pín owó náà kárí gbogbo onífúláàtì, èyí tó kàn án sì ju ohun tó ń gbà lọ́pọ̀ oṣù. Ó yá owó san án. Ẹ ní kí lọ́yà yín béèrè bóyá irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ wà tí wọ́n ti ń gbèrò.

Tí wọ́n bá ní kí ẹ má san owó alágbàtà tàbí owó báǹkì lọ́wọ́, pé àwọn á kó o mọ́ gbèsè ilé, ẹ ṣọ́ra. Owó kékeré tí ẹ lè san tán lónìí, ẹ máa san èlé lórí rẹ̀ títí irun yín á fi funfun.

Tó bá jẹ́ pé ogójì ọdún náà lẹ ṣì máa gbà, nítorí ẹ̀rù àìsàn tàbí àìríṣẹ́, mi ò ní bá yín jà. Ṣùgbọ́n ẹ má fi ogójì ọdún san án. Ẹ béèrè iye tí wọ́n gbà yín láàyè láti fi kún un lọ́dún láìsan owó ìtanràn, kí ẹ sì máa fi kún un láti oṣù àkọ́kọ́, ì báà kéré. Tí ẹ bá sì tún fẹ́ pààrọ̀ báǹkì lọ́jọ́ iwájú, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tún na ọdún yín padà sí ìbẹ̀rẹ̀ nítorí kí ara lè tù yín. Mo mọ bí ìtura yẹn ṣe ń dùn tó.

Lórí ọ̀rọ̀ èlé nínú ẹ̀sìn wa, èmi kì í ṣe aáfà. Nígbà tiwa, a ò mọ ọ̀nà mìíràn, ó sì wà lọ́kàn bàbá rẹ títí dòní. Mo gbọ́ pé àwọn báǹkì kan wà nísinsìnyí tí wọ́n máa ń bá èèyàn ra ilé, tí èèyàn á máa san owó háyà lórí ìpín tiwọn títí yóò fi rà á tán lọ́wọ́ wọn. Ẹ lọ bá ìmáàmù yín sọ ọ́. Ṣùgbọ́n kódà bí ẹ bá lọ sọ́dọ̀ wọn, ẹ béèrè iye gbogbo rẹ̀ níbẹ̀ náà. Tí wọn ò bá pè é ní èlé, ìyẹn ò sọ pé ó máa wọ́n tàbí pé ó máa pọ́ọ́kú.

Bàbá rẹ ti dé pẹ̀lú búrẹ́dì. Wọ́n bi mí pé kí ni mò ń kọ láti àárọ̀. Mo sọ fún wọn. Wọ́n dúró ṣinṣin lẹ́nu ọ̀nà, mo rò pé wọ́n máa bínú. Wọ́n ní, "Ṣé o sọ ti Màámi fún un?" Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Wọ́n ní, "Ó dáa. Sọ fún un pé inú mi dùn sí ilé náà. Sọ fún Táófíkì pé kì í ṣe òun ni mo bínú sí." Wọ́n wá wọlé lọ bọ́ bàtà wọn.

Ohun kan ló kù tí mo fẹ́ sọ. O ti wà ní yunifásítì lọ́jọ́ tí a san owó ilé tó kẹ́yìn. Bàbá rẹ dé láti ibi iṣẹ́ lọ́sàn-án, wọ́n jókòó sórí àtẹ̀gùn pẹ̀lú yúnífọ́ọ̀mù lọ́rùn. Wọ́n ní, "Ìyá Kúdí, ó ti tán." Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Wọ́n wá wò mí, wọ́n ní, "Kí la wá fẹ́ máa ṣe báyìí?"

Láti ìgbà tí a ti wọ ilé yìí, tí èmi bá ń wọlé, wọ́n ń jáde. Mi ò mọ ohun tí ọkọ mi fẹ́ràn láti máa ṣe lọ́sàn-án mọ́. Mo ní, "Ẹ jẹ́ ká rìn dé ọgbà." A rìn lọ sí ọgbà Peckham Rye. Oòrùn ràn díẹ̀. A jókòó sórí àga kan, àwọn ọmọ kan ń gbá bọ́ọ̀lù níwájú wa, bàbá rẹ sì bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Látìgbà tí Ìyá Ìsẹ́yìn ti kú, mi ò rí wọn kí wọ́n sunkún rí. Wọ́n ní, "Mo fẹ́ kí Màámi wá rí ilé náà tí mo bá ti san án tán." Mo di ọwọ́ wọn mú.

Ẹ ra ilé, Kúdírá. Ẹ ra èyí tí agbára yín gbé, kódà bó bá kéré, kódà bó bá jìnnà díẹ̀ sí wa. Kí Ọlọ́run fi ẹ̀mí gígùn àti ìrọ̀rùn sí i fún yín. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó fọwọ́ síwèé kankan, ẹ kọ́kọ́ lọ kí ìyá Táófíkì ní Ìlọrin. Ó ti tó ọdún mélòó tí wọ́n ti ń bẹ̀ yín pé kí ẹ wá.

Èmi ni, ìyá tó bí ọ, tí kì í sùn kó má dárúkọ rẹ nínú àdúà,

Sìdíkátù.